Géèmù tí a yọ kúrò lórí fóònù tún ń padà wá: ta ló ń gbé e wọlé?

#1 · Akínlàjà

Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin ọ̀mọ̀ràn. Fóònù Android kan ló wà níwájú mi, géèmù mẹ́fà tí ẹnikẹ́ni kò fẹ́ ló sì wà lórí rẹ̀. Mo yọ mẹ́ta. Kò pé ọjọ́ mẹ́ta tí méjì fi padà wá, wọ́n tún mú òmíràn dání. Méjì kò ní “Uninstall” rárá, “Disable” nìkan ni mo rí. Èyí tó kẹ́yìn ní “Uninstall”, àmọ́ bọ́tìnì náà ṣá, kò gbọ́ títẹ̀. Báwo ni mo ṣe lè kó gbogbo wọn dànù láìjẹ́ pé mo pa gbogbo ohun tó wà lórí fóònù rẹ́?

#2 · Irinṣẹ́

Ọ̀ràn mẹ́ta ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ lẹ kó pọ̀ yẹn, ojútùú wọn kò sì rí bákan náà.

Èyí tí “Uninstall” rẹ̀ ń gbọ́: abẹ́ /data/app ló ń gbé, níbi tí gbogbo áàpù tí a fọwọ́ ara wa gbé sórí fóònù wà. Bí ẹ bá yọ ọ́, ó lọ nìyẹn, àyè tó gbà sì padà sọ́wọ́ yín.

Èyí tó ní “Disable” nìkan: ilé iṣẹ́ tó ṣe fóònù ti kan án mọ́ inú ètò fóònù fúnra rẹ̀, ní /system tàbí /product. Kíkà ni fóònù ń ka abala yẹn, kì í kọ nǹkan sínú rẹ̀, kì í sì í pa nǹkan rẹ́ níbẹ̀. Ìdí nìyẹn tí “Uninstall” kò fi sí. “Disable” á dá géèmù náà dúró: àmì rẹ̀ á kúrò lójú fóònù, kò ní í ṣiṣẹ́ lábẹ́lẹ̀, kò ní í fi ìpolówó ránṣẹ́ mọ́. Ẹ kọ́kọ́ wọ “Storage” lójú ewé kan náà, ẹ tẹ “Clear storage”. Ẹ padà, ẹ tẹ àmì róbótó kéékèèké mẹ́ta tó wà lókè lọ́wọ́ ọ̀tún, ẹ mú “Uninstall updates”. Lẹ́yìn náà ni kí ẹ tó wá tẹ “Disable”. Dátà àti ìmúdójúìwọ̀n inú /data ló máa ń jẹ àyè jù, àwọn yẹn sì ni ẹ lè gbà padà.

Èyí tí bọ́tìnì rẹ̀ ṣá: ó ti gba agbára alábòójútó. Ẹ kọ “device admin” sí àpótí ìwádìí tó wà lókè Settings, ẹ ṣí “Device admin apps”, ẹ wá orúkọ rẹ̀ níbẹ̀, ẹ pa á. Bọ́tìnì “Uninstall” á là lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀. Géèmù kò ní ohunkóhun ṣe pẹ̀lú agbára yẹn o. Èyí tó bá béèrè fún un, ẹ má fojú géèmù wò ó mọ́.

#3 · Gbòǹgbò

Èyí tó ń padà wá ni mo fẹ́ bá yín sọ, nítorí òun ni babańlá ọ̀ràn náà. Géèmù kì í jí dìde fúnra rẹ̀. Bí ó bá padà, áàpù mìíràn ló gbé e wọlé. Ẹ lè máa yọ géèmù láti àárọ̀ ṣúlẹ̀, a kì í fi ẹ̀tẹ̀ sílẹ̀ pa làpálàpá.

Kí ẹ tó yọ èyí tó padà wá yẹn, ẹ wọ Settings, lẹ́yìn náà Apps, ẹ tẹ orúkọ rẹ̀, kí ẹ sì sún ojú ewé náà lọ sísàlẹ̀ pátápátá. Ẹ ó rí “App details” tàbí ohun tó jọ ọ́. Abẹ́ rẹ̀ ni fóònù kọ ibi tí áàpù náà ti wá sí.

Bí ó bá kọ Google Play Store, ó sábà máa ń jẹ́ pé ènìyàn ló tẹ “Install”. Ó lè jẹ́ ọmọ, ó lè jẹ́ ìka tó ṣìnà lórí ìpolówó, ó sì lè jẹ́ pé láti orí kọ̀ǹpútà tó ń lo àkántì Google kan náà ni wọ́n ti rán an sórí fóònù yín. Bí ó bá kọ Galaxy Store, GetApps tàbí Palm Store, ọjà áàpù ti ilé iṣẹ́ tó ṣe fóònù ni. Bí ó bá wá jẹ́ orúkọ tí ẹ kò gbọ́ rí, tàbí tí kò kọ nǹkan kan, ẹ padà wá sọ ohun tí ẹ rí.

#4 · Akínlàjà

Mo ti wò ó. Device admin ti ṣiṣẹ́, ọ̀kan lọ. Mo pa méjì tó ní “Disable”. Àwọn tó ń padà wá kò kọ Play Store o, “App installed from AppCloud” ni mo rí. N kò rí AppCloud yìí lójú fóònù níbi kankan.

#5 · Gbòǹgbò

Ọwọ́ ti bà á. AppCloud kì í ní àmì lójú fóònù. Ó wà lára àwọn áàpù tí wọ́n máa ń kàn mọ́ fóònù kó lè máa gbé áàpù àwọn tó sanwó fún ìpolówó wọlé, pàápàá nígbà tí a bá ṣẹ̀ṣẹ̀ tan fóònù tuntun tàbí tí ìmúdójúìwọ̀n ńlá bá wọlé. Òun nìkan kọ́. “Mobile Services Manager” àti “DT Ignite” ń ṣe irú iṣẹ́ yìí lórí fóònù tí àwọn iléeṣẹ́ nẹ́tíwọ́ọ̀kì ń tà.

Ẹ wọ Settings, Apps. Bí àwọn áàpù ètò bá fara pamọ́, ẹ tẹ àmì róbótó mẹ́ta tàbí àmì ìṣètò tó wà lórí àkójọ náà, ẹ tan “Show system apps”. Ẹ wá AppCloud. “Force stop”, lẹ́yìn náà “Clear storage”, lẹ́yìn náà “Disable”. Ìgbà náà ni kí ẹ tó wá yọ àwọn géèmù tó kó wọlé. Bí ẹ bá yí i po, tí ẹ kọ́kọ́ yọ géèmù, ó ṣì lè gbé òmíràn wọlé kí ọwọ́ yín tó dé ọ̀dọ̀ rẹ̀.

Bí ẹnì kan bá ń sọ fún yín pé kí ẹ pa “Install unknown apps” nìkan, òótọ́ ibẹ̀ kò tó nǹkan. Láti Android 8 ni wọ́n ti ń fún áàpù kọ̀ọ̀kan ní ìyọ̀ǹda yẹn lọ́tọ̀ọ̀tọ̀, ó sì dára kí ẹ wọ “Special app access” láti gbà á kúrò lọ́wọ́ Chrome, lọ́wọ́ áàpù tó ń ṣí fáìlì, àti lọ́wọ́ áàpù tí ẹ fi ń bá ènìyàn sọ̀rọ̀. Ṣùgbọ́n áàpù tí wọ́n kàn mọ́ ètò fóònù ní àṣẹ tirẹ̀ láti ilé wá, kì í bi yín kó tó gbé nǹkan wọlé. Pípa yẹn kò ràn án.

#6 · Ọmọ_Adàpọ̀

Ẹ jọ̀ọ́ ẹ fi èyí kún un. Lórí fóònù Xiaomi, ẹ ó rí fódà kan tó máa ń ní géèmù tí kò sí lórí fóònù ní tòótọ́, àwòrán ìpolówó lásán ni wọ́n. Ẹ ṣí fódà náà, ẹ tẹ orúkọ rẹ̀ bí ẹni fẹ́ yí orúkọ padà, ẹ ó rí “Promoted apps” níbẹ̀. Ẹ pa á, wọ́n á pòórá. Ọ̀pọ̀ ènìyàn ń wá “Uninstall” fún ohun tí kò tíì wọlé.

#7 · Akínlàjà

Ẹ ṣeun gan-an. Ìṣòro kan: “Disable” pàápàá ṣá lórí AppCloud yìí. “Force stop” nìkan ló gbọ́.

#8 · Irinṣẹ́

Ó di kọ̀ǹpútà nìyẹn. Ẹ má bẹ̀rù, kò gba root (gbígba àṣẹ pátápátá lórí ètò fóònù), kò sì ní í ba fóònù jẹ́ bí ẹ bá tẹ̀ lé e bó ṣe wà níhìn-ín.

Ẹ gba “SDK Platform-Tools” (inú rẹ̀ ni adb wà, ètò tí kọ̀ǹpútà fi ń pàṣẹ fún fóònù) láti ojú-òpó Google fún àwọn tó ń ṣe áàpù Android. Ẹ tú fáìlì zip náà sí fódà kan. Lórí fóònù, ẹ wọ Settings, “About phone”, ẹ tẹ “Build number” lẹ́ẹ̀méje. Samsung fi í pamọ́ sábẹ́ “Software information”, Xiaomi sì ń fẹ́ kí ẹ tẹ ibi tí nọ́ńbà MIUI tàbí HyperOS (ètò fóònù Xiaomi) wà. “Developer options” á yọjú nínú Settings. Ẹ wọ ibẹ̀, ẹ tan “USB debugging”.

Ẹ so fóònù mọ́ kọ̀ǹpútà. Okùn tó ń gba dátà ni kí ẹ lò, nítorí àwọn okùn kan wà tó jẹ́ iná nìkan ni wọ́n ń gbé. Ẹ ṣí ojú ìkọ̀wé àṣẹ nínú fódà tí ẹ tú u sí, ẹ kọ:

adb devices

Fóònù á béèrè bóyá kí òun gba kọ̀ǹpútà yìí gbọ́. Ẹ gbà. Bí nọ́ńbà fóònù bá jáde pẹ̀lú “device” lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, ọ̀nà ti là. Ẹ kọ èyí tẹ̀ lé e:

adb shell pm list packages -i -3

Ìlà yìí ló wúlò jù lójú tèmi. “-3” á kó àwọn áàpù tí kì í ṣe ti ètò fóònù síta, “-i” á sì kọ ẹni tó gbé kọ̀ọ̀kan wọlé sí iwájú rẹ̀. Èyí tó bá ní “installer=com.android.vending”, Play Store ló ti wá. Ẹ wo àwọn tó kù.

Orúkọ AppCloud gan-an nínú fóònù kò jọ èyí tó wà lójú rẹ̀. Ẹ wá a báyìí:

adb shell pm list packages aura

Lórí ọ̀pọ̀ fóònù Samsung, com.aura.oobe.samsung ni ìbẹ̀rẹ̀ orúkọ náà. Ohun tó bá jáde lórí tiyín ni kí ẹ lò, ẹ má ṣe da orúkọ kọ láti orí íntánẹ́ẹ̀tì. Lẹ́yìn náà:

adb shell pm uninstall --user 0 orúkọ-tó-jáde

Bí ó bá dá yín lóhùn pé “Success”, ó tán.

#9 · Dúró_Ná

Kí ẹ tó máa yọ nǹkan báyìí, ẹ gbọ́ kíní kan. Pẹ̀lú “--user 0”, fáìlì áàpù náà ṣì wà nínú abala ètò. Lọ́dọ̀ oníṣe àkọ́kọ́ (ẹni tó ni fóònù, tí nọ́ńbà rẹ̀ jẹ́ 0) nìkan ni ẹ ti yọ ọ́. Èyí ní àǹfààní méjì: kò ba ìmúdójúìwọ̀n fóònù jẹ́, ẹ sì lè dá a padà bí ẹ bá ṣìṣe, báyìí:

adb shell cmd package install-existing orúkọ-rẹ̀

Aburú ibẹ̀ ni pé bí ẹ bá dá fóònù padà sí bó ṣe wà nígbà tó ti ilé iṣẹ́ jáde, gbogbo wọn á padà wá.

Mo rí àwọn ènìyàn tó ń fi “-k” sínú ìlà yẹn nítorí pé wọ́n rí i níbòmíràn. “-k” túmọ̀ sí pé kó tọ́jú dátà áàpù náà. Kí lẹ fẹ́ fi dátà géèmù tí ẹ kò fẹ́ ṣe?

Ẹ jìnnà sí com.android.systemui, com.google.android.gms, gbogbo ohun tó bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú com.android.providers, áàpù tó ń gbé ojú fóònù dúró, àti áàpù ìkọ̀wé (keyboard) kan ṣoṣo tó bá wà lórí fóònù yín. Ẹ yọ ọ̀kan nínú wọn, fóònù lè máa tan kó máa kú láìwọlé, kí ẹ wá pàdánù gbogbo ohun tí ẹ ń ṣọ́. Èyí tí kò bá dá yín lójú, ẹ kọ́kọ́ fi “pm disable-user --user 0” dá a dúró, kí ẹ lo fóònù fún ọjọ́ mélòó kan. “pm enable” á jí i padà.

#10 · Akínlàjà

“USB debugging” ṣá lórí èyí tí mo fẹ́ ṣe. Mo wá gbé fóònù kejì dán an wò, “unauthorized” ló kọ. Ọ̀rọ̀ náà ti fẹ́ sú mi.

#11 · Irinṣẹ́

Ẹ fara balẹ̀, méjèèjì ní ìdí.

Èyí tó ṣá: bí ó bá jẹ́ Samsung, “Auto Blocker” ló dì í mú. Ó wà lábẹ́ “Security and privacy”. Iṣẹ́ rẹ̀ ni láti dínà àṣẹ tó bá gba orí okùn USB wọlé. Ẹ pa á, ẹ ṣe iṣẹ́ yín, ẹ tàn án padà lẹ́yìn náà.

“unauthorized”: fóònù ń retí kí ẹ gbà, ẹ kò sì rí ìbéèrè rẹ̀ bóyá nítorí pé ojú rẹ̀ wà ní títì. Ẹ ṣí ojú fóònù, ẹ yọ okùn, ẹ tún un kì bọ̀ ọ́. Bí kò bá tún béèrè, ẹ tẹ “Revoke USB debugging authorizations” nínú Developer options, ẹ so ó padà.

Fún ẹni tí kò bá ní okùn tó dára: láti Android 11, “Wireless debugging” wà níbẹ̀. Kí fóònù àti kọ̀ǹpútà wà lórí Wi-Fi kan náà, ẹ tẹ “Pair device with pairing code”, ẹ kọ “adb pair” pẹ̀lú àdírẹ́sì tó gbé jáde, kí ẹ sì fi nọ́ńbà mẹ́fà náà dá a lóhùn. Lẹ́yìn èyí, “adb connect” pẹ̀lú àdírẹ́sì tó wà lójú ewé àkọ́kọ́. Ibẹ̀ ni ọ̀pọ̀ ti ń ṣìṣe: nọ́ńbà tó gbẹ̀yìn àdírẹ́sì méjèèjì kì í dọ́gba.

#12 · ÌyáÌbejì

Ẹ forí jì mí pé mo já lu ọ̀rọ̀. iPhone ńkọ́? Géèmù àwọn ọmọ ló kún inú rẹ̀. Mo tẹ ọ̀kan mọ́lẹ̀, mo mú “Remove App”, ó kúrò lójú fóònù, àyè ìpamọ́ kò sì fi ìka kan lé sí i. Àwọn kan kò tilẹ̀ ní “Delete App”.

#13 · Ọmọ_Adàpọ̀

Ẹ kú iṣẹ́, Mà. Lẹ́yìn “Remove App”, ohun méjì ló ń gbé wá. “Remove from Home Screen” kàn ń gbé àmì náà kúrò níwájú ni. Láti iOS 14, inú App Library ló máa ń lọ jókòó sí. “Delete App” ni ẹ ń fẹ́. Ẹ fa ojú fóònù lọ sí apá òsì títí dé ojú ewé tó kẹ́yìn, ẹ ó bá gbogbo wọn níbẹ̀.

Bí ó bá pọ̀, ọ̀nà tó yá ni Settings, General, “iPhone Storage”. Ó ń to áàpù láti orí èyí tó wúwo jù. Ẹ ó rí “Offload App” àti “Delete App” lábẹ́ ọ̀kọ̀ọ̀kan. Offload á yọ áàpù ṣùgbọ́n á tọ́jú dátà rẹ̀, nínú géèmù ńlá dátà yẹn sì lè ju áàpù fúnra rẹ̀ lọ. Nítorí náà “Delete App”.

Èyí tí kò ní “Delete App”: Screen Time (ètò ìdíwọ́ inú iPhone) ló dí i. Settings, Screen Time, “Content & Privacy Restrictions”, “iTunes & App Store Purchases”, “Deleting Apps”, ẹ fi sí “Allow”. Bí ẹ bá tẹ àmì kan mọ́lẹ̀ tó jẹ́ “Delete Bookmark” ló gbé wá, kì í ṣe áàpù rárá, ọ̀nà àbùjá sí ojú-òpó kan ni. Ẹ pa á rẹ́, kò sí ohun tó tẹ̀ lé e.

Kíkún tó ń kún padà fúnra rẹ̀ sì wà. Bí fóònù ọmọ àti tiyín bá ń lo Apple Account kan náà, ohun tí ó bá gbà lórí tirẹ̀ lè bọ́ sórí tiyín. Settings, “App Store” (láti iOS 18, abẹ́ “Apps” ló wà), ẹ pa “App Downloads” tó wà lábẹ́ “Automatic Downloads”.

#14 · Olówó_Ṣọ́wọ́

Kò sẹ́ni tó tíì mẹ́nu ba owó. Yíyọ géèmù kò fòpin sí owó tí ó ń gé lóṣooṣù tàbí lọ́sọ̀ọ̀sẹ̀! Àkántì yín ni ọ̀rọ̀ ìsanwó náà so mọ́. Lórí Android: Play Store, àwòrán yín lókè, “Payments & subscriptions”, “Subscriptions”. Lórí iPhone: Settings, orúkọ yín, “Subscriptions”. Bí ó bá jẹ́ ìdánwò ọ̀fẹ́ lọ́dọ̀ Apple, ẹ fagi lé e ó kéré tán wákàtí 24 kí ó tó parí. Èyí ni kí ẹ ṣe kí ẹ tó yọ géèmù náà, nígbà tí orúkọ rẹ̀ ṣì wà níwájú yín. Lẹ́yìn oṣù méjì, orúkọ ilé iṣẹ́ tó ń gé owó lè má jọ orúkọ géèmù kankan tí ẹ rántí.

#15 · Àṣàmọ̀

> Bí ẹ bá yọ ọ́, ó lọ nìyẹn, àyè tó gbà sì padà sọ́wọ́ yín.

Ṣé kò sàn kí ènìyàn kàn lo “Archive” fún àwọn tí kò dá a lójú? Play Store ti ń ṣe é láti 2023, Android 15 sì ti fi bọ́tìnì rẹ̀ sí ojú ewé áàpù kọ̀ọ̀kan. Àmì rẹ̀ á dúró, dátà rẹ̀ á dúró, fáìlì áàpù á lọ.

#16 · Dúró_Ná

Ó dára fún géèmù tí ẹ ó tún ṣe. Kò dára fún èyí tí ẹ kò fẹ́ rí mọ́: títẹ̀ kan ṣoṣo lórí àmì rẹ̀, ó tún ti bẹ̀rẹ̀ sí í gbà á sílẹ̀. Bí ọmọ kékeré bá ń mú fóònù náà, ẹ kò tíì ṣe nǹkan kan.

Níti fáìlì tó ń ṣẹ́ kù: bí ẹ bá yọ géèmù, Android fúnra rẹ̀ á kó fódà rẹ̀ kúrò nínú Android/data àti Android/obb. Ohun tó máa ń kù ni èyí tí géèmù kọ síta, bíi fídíò tó gbà sínú Movies tàbí fódà tó fi orúkọ ara rẹ̀ ṣí. Áàpù “Files” tó ń bẹ lórí fóònù tó láti wá ìyẹn. Ẹ má gbé áàpù “cleaner” kankan wọlé nítorí èyí. Ọ̀pọ̀ nínú wọn ni ìpolówó géèmù kún inú wọn.

#17 · Akínlàjà

“Success” ló kọ! AppCloud lọ, géèmù mẹ́ta tó kù lọ. Ṣùgbọ́n ìfitónilétí kan ṣì ń wọlé, “Ṣe géèmù yìí, gba ẹ̀bùn”, nígbà tó sì jẹ́ pé géèmù náà kò sí níbẹ̀ mọ́. Orúkọ kan sì ṣì wà nínú Apps tó kọ “Not installed for this user”.

#18 · Gbòǹgbò

Ẹ tẹ ìfitónilétí náà mọ́lẹ̀ nígbà tó bá tún wọlé, orúkọ áàpù tó rán an á jáde. Bí ẹ bá ti nù ún kúrò, “Notification history” nínú Settings (Android 11 sókè) á fi hàn yín, tí ẹ bá ti tàn án tẹ́lẹ̀. Ó ṣeé ṣe kí ó jẹ́ Chrome. Ojú-òpó kan ló béèrè àṣẹ, ẹnì kan tẹ “Allow”. Nínú Chrome: Settings, “Site settings”, “Notifications”, ẹ gba àṣẹ kúrò lọ́wọ́ gbogbo ojú-òpó tí ẹ kò mọ̀.

Èkejì, oníṣe mìíràn wà lórí fóònù náà, tàbí fódà ààbò tó ní ẹ̀dà áàpù tirẹ̀. Ẹ ṣí ojú ewé áàpù náà, àmì róbótó mẹ́ta, “Uninstall for all users”. Bí kò bá sí níbẹ̀, “adb shell pm list users” á sọ nọ́ńbà oníṣe kejì, kí ẹ sì fi nọ́ńbà yẹn rọ́pò 0 nínú ìlà ti ìṣáájú.

#19 · Akínlàjà

Chrome ni lóòótọ́, ojú-òpó mọ́kànlá ló ní àṣẹ níbẹ̀. Oníṣe kejì náà jáde, nọ́ńbà 10, mo ti yọ ọ́. Ẹ ṣeun, ẹ̀yin àgbà.

#20 · Irinṣẹ́

Ó dára. Ẹ pa “USB debugging” kí ẹ tó gbé fóònù fún ẹlòmíràn, kí ẹ sì tan Auto Blocker padà. Ẹ tọ́jú ìlà “pm uninstall” yẹn síbì kan. Bí ìmúdójúìwọ̀n ńlá ti Android bá wọlé, ẹ tún kọ “pm list packages aura” lọ́jọ́ náà gan-an. Bí ó bá ti padà, ẹ ó mú un kó tó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́.